Afínjú, Ọkùnrin, Ẹni Ọdún Mọ́kànlélọ́gọ́ta

Ìfura ni iṣẹ́ mi. Èmi Fèyísọ́lá, n kì í gba ẹnikẹ́ni gbọ́ àfi tí ohun tó sọ lọ́dún yìí bá bá tèṣí mu, nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, bó bá bá a mu jù, mo tún máa ń fura sí i. Ní ọ́fíìsì wa ní Ìbàdàn, ẹgbẹ̀rún méjì ilé ni à ń tẹ̀lé káàkiri ìlú mẹ́jọ. Lọ́dọọdún a máa ń padà sọ́dọ̀ àwọn ènìyàn kan náà, a ó sì bi wọ́n ní ìbéèrè kan náà: ta ló ń jẹun nínú ìkòkò ilé yìí, ta ló ń ṣiṣẹ́, ta ni ara rẹ̀ ò yá, ta ló ti lọ. A ó fi ẹnì kọ̀ọ̀kan sí ìsọ̀rí tirẹ̀, a ó wá ka iye àwọn tó kúrò ní ìsọ̀rí kan bọ́ sí òmíràn láti ọdún dé ọdún. Gbogbo ọgbọ́n ìṣirò tí à ń lò dá lórí ohun kan ṣoṣo, pé ẹni tí a rí lọ́dún yìí náà ni ẹni tí a rí lọ́dún tó kọjá. Bí ìyẹn bá ti bàjẹ́, ìtàn àròsọ ni à ń kọ.

Ní ọdún keje ìwádìí náà, a bẹ̀rẹ̀ sí í so ìwé gbogbo ọdún pọ̀, ni ìwé Ẹdẹ kò bá dán mọ́rán lójú mi. Nínú àwọn ilé tí ọkùnrin kan tí wọ́n ń pè ní Ràṣídì ń bójú tó, ènìyàn mọ́kànlélọ́gbọ̀n pòórá ní ọdún kẹrin. Wọn ò kú, wọn ò rìnrìn àjò, wọn ò lọ ilé ọkọ. Wọ́n kàn pòórá ni. Lọ́dún yẹn gan-an, méjìlélọ́gbọ̀n mìíràn yọjú láti ibi tí ẹnikẹ́ni kò mọ̀. Orúkọ wọn ló bí mi nínú jù: Ìdílẹ̀kẹ̀, Akọ́wé, Òpéléńgé, Eyínafẹ́, Afínjú. Mo ní ọkùnrin yìí ti ya ọ̀lẹ, ó jókòó sábẹ́ igi, orúkọ ènìyàn sì ti tán nínú rẹ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ń kà á lè ti máa fi mí rẹ́rìn-ín. Ẹ ṣì mú sùúrù.

Ti Afínjú yìí ló kọ́kọ́ fi hàn mí pé irọ́ wà ńbẹ̀. Ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́ta ni nígbà tó kọ́kọ́ yọjú. Ọdún kejì, ó di mọ́kàndínlọ́gọ́ta. Ọdún kẹta, ọgọ́ta. Lọ́dún keje tí mò ń sọ yìí, mọ́kànlélọ́gọ́ta. Ẹni tí kò bá ṣe irú iṣẹ́ wa kò ní rí nǹkan kan níbẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí àgbàlagbà kan nílẹ̀ wa tí ọjọ́ orí rẹ̀ ń gun àkàbà báyìí láìṣi ẹsẹ̀ gbé. Ènìyàn gidi á sọ pé òun jẹ́ àádọ́ta lọ́dún yìí, á tún jẹ́ àádọ́ta lọ́dún tó ń bọ̀, lẹ́yìn náà á fò dé márùndínlọ́gọ́ta. Ẹni tí ọjọ́ orí rẹ̀ bá pé pérépéré, ẹnìkan ló jókòó ṣírò rẹ̀. Wọ́n kọ ọ́ sí ìsọ̀rí àlejò, nínú ilé Jibril, ó ń jẹun níbẹ̀ lójoojúmọ́. Àlejò ọdún mẹ́rin wo nìyẹn?

Mo gbé e tọ ọ̀gá wa lọ. Wọ́n wò ó, wọ́n yọ gíláàsì ojú wọn.

“Lọ sí Ẹdẹ,” ni wọ́n wí. “Tó bá jẹ́ pé ó ń dá a kọ látinú orí rẹ̀ ni, a ó da gbogbo ìwé rẹ̀ nù, a ó dá a dúró, a ó sì fi orúkọ rẹ̀ ránṣẹ́ sí ìlú mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ pé òpùrọ́ ni. Kí n gbọ́ èsì lọ́jọ́ Ẹtì.”

N kò lọ bá ọkùnrin náà tààrà. Lọ́jọ́ Ìṣẹ́gun tí mo dé Ẹdẹ, ẹ̀yìn rẹ̀ ni mo kọ́kọ́ wádìí. Ohun tí mo gbọ́ nìyí. Inú ọ̀kan nínú àwọn agbo ilé àtijọ́ nílùú ni wọ́n ti bí Ràṣídì. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló fi ṣe wolé-wolé, títí tó fi fẹ̀yìntì. Tó bá ti ń bọ̀ lókèèrè pẹ̀lú pátákó ìkọ̀wé rẹ̀ lábíyá, àwọn obìnrin á sáré da omi àmù nù, wọ́n á gbá ẹ̀yìnkùlé lẹ́ẹ̀kejì. Kò gba ẹ̀bẹ̀, kò gba ẹyin adìẹ. Nígbà kan, ó rí tanwíji nínú àmù ìyá tó bí i lọ́mọ, ó fìwé pe ìyá náà lọ sí kóòtù. Ìyá náà lọ, ó san owó ìtanràn, ó sì padà wá ṣe oúnjẹ alẹ́ fún un. Obìnrin tó ń ta omi inú ọ̀rá lẹ́bàá ọ̀nà ló sọ fún mi, ó ń rẹ́rìn-ín, ó ní, “Bàbá yẹn? Wọn ò lè purọ́. Wọn ò mọ̀ ọ́n pa.”

Èmi ò rẹ́rìn-ín. Àwọn tí gbogbo ìlú ń búra pé wọn ò lè purọ́ ni mo máa ń fojú ṣọ́ jù.

Ó fẹ́ ìyàwó kan ṣoṣo, Naimat, ó kọ́ ilé kékeré sí ọ̀nà Sekona, wọ́n bí ọmọbìnrin kan tó wà nílé ọkọ ní Ìlọrin. Naimat kú lẹ́yìn àìsàn ọ̀sẹ̀ méjì. Mo bi wọ́n pé ọdún wo. Nígbà tí wọ́n sọ ọ́, mo kọ ọ́ sínú ìwé mi, mo fa ìlà méjì sí i nídìí: ọdún kẹrin ìwádìí wa ni. Ìdí ti wá yé mi, mo rò. Ìyàwó ọkùnrin kú, ayé sú u, ó jókòó sílé, ó bẹ̀rẹ̀ sí í bí ọmọ sínú fọ́ọ̀mù. Àánú rẹ̀ ṣe mí díẹ̀. Kò dá mi dúró.

Lọ́jọ́rú, a pàdé lẹ́nu ọ̀nà agbo ilé náà. Ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, aṣọ kakí rẹ̀ gún régé, bàtà rẹ̀ ń dán nínú eruku. Ó fi aṣọ inura funfun wé tábúlẹ́ẹ̀tì tí ọ́fíìsì fún un.

“Ẹ kú ìrìnàjò o, mádàámù. Wọ́n ní ẹ ti wà nílùú láti àná.”

Mo mọ̀ pé wọ́n ti sọ gbogbo ohun tí mo bi wọ́n fún un. Mo sọ ohun tó gbé mi wá láìfi bò.

“Ẹ fẹ́ mọ̀ bóyá mò ń purọ́,” ló wí.

“Bẹ́ẹ̀ ni, sà.”

“Ó dáa. Ẹ jẹ́ ká lọ.” Ó fi tábúlẹ́ẹ̀tì náà sábíyá. “Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká fi ilé Jibril ṣe ìkẹyìn.”

Ìyẹn náà wọnú ìwé mi.

Nílé àkọ́kọ́, ìyá àgbàlagbà kan wò wá láti orí àga rẹ̀, kò dá wa lóhùn ìkíni títí a fi dúró níwájú rẹ̀. “Ẹ tún ti dé,” ló wí. “Ẹ ti kà wá lẹ́ẹ̀meje. A ò tíì pé ni? Àbí ẹ fẹ́ mọ ẹni tó sanra nínú wa?” Ó yíjú sí mi. “Ìwọ wo tún nìyí?” Ràṣídì ní èmi ni ọ̀gá tó wá yẹ iṣẹ́ òun wò. Ìyá ní ó dáa, ẹni tó yẹ àmù wa wò lọ́jọ́sí, wọ́n ti wá yẹ òun náà wò. Inú rẹ̀ dùn gan-an.

Ìyàwó ọmọ rẹ̀ ló máa ń dáhùn ìbéèrè wa. Láti ọdún kẹrin, ọ́fíìsì ló pàṣẹ pé obìnrin ilé ni kí a máa bi, nítorí àwọn bàbá ò mọ ẹni tó jẹun àti ẹni tí kò jẹ. Mo bi í léèrè gbogbo ẹni tó ń jẹun níbẹ̀. Ó ka àwọn kan, ó dé orí Ìdílẹ̀kẹ̀.

Mo dá a dúró. “Ta ni Ìdílẹ̀kẹ̀?”

“Ọkọ mi ni.” Ó nawọ́ sí ọmọbìnrin kan tó ń fọ abọ́ lẹ́bàá kànga, ọmọ bí ọdún mẹ́tàlá.

“Kí ni orúkọ tí wọ́n sọ ọ́?”

Ó fọwọ́ bo ẹnu. “Háà, Àǹtí! Kí n pe ọkọ mi lórúkọ? Mo bá a nílé o. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bi òun fúnra rẹ̀.”

Ọmọ náà gbójú sókè, ó ní Fawziyah ni orúkọ òun. Fawziyah wà nínú ìwé ọdún kìíní, ìkejì àti ìkẹta, ó sì wà lára àwọn mọ́kànlélọ́gbọ̀n tó pòórá.

Ojú tì mí débi pé mo fẹ́ wọlẹ̀. Ìyá tèmi gan-an, títí di òní, kò pe àbúrò bàbá mi lórúkọ rí; Bọ̀dá Aláṣọ ló ń pè é. Mo mọ̀ pé ìyàwó kì í pe ọmọ tó bá nínú ilé ọkọ lórúkọ, bó ti wù kí ọmọ náà kéré tó. Kí kọ̀ǹpútà má mọ̀, mo lè gbà. Èmi ńkọ́? Mo ti wo orúkọ lórí tábìlì títí n kò fi rí ẹnu tó ń pe orúkọ náà mọ́. Ìtìjú yẹn di ìbínú, ìbínú sì bọ́ sórí Ràṣídì.

“Kí ló dé tí ẹ ò sọ? Ọdún mẹ́rin!”

“Mo sọ ọ́.” Ó tú aṣọ funfun náà, ó ṣí tábúlẹ́ẹ̀tì, ó fi ibi àkíyèsí hàn mí nísàlẹ̀ fọ́ọ̀mù. Ó wà níbẹ̀, ilé kọ̀ọ̀kan, ọdún kọ̀ọ̀kan: *Ìyàwó ilé ló dáhùn. Kì í pe wọ́n lórúkọ. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n ṣe?* Ọdún tó tẹ̀lé e: *Mo ti béèrè lọ́dún tó kọjá.* Ọdún tó tún tẹ̀lé ìyẹn: *Mo ṣì ń retí èsì.*

Kò sí ẹni tó ń ka ibi àkíyèsí. Kí ìwé tó dé orí tábìlì wa la ti máa ń gé e kúrò, torí pé nọ́ńbà là ń fẹ́.

“Ní àwọn ìlú yòókù ńkọ́?” mo bi í. “Ṣé àwọn ìyàwó tibẹ̀ ń pe orúkọ ni?”

“Mo rò pé àwọn tó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ń wo ìwé èṣí, wọ́n sì ń kọ orúkọ ti èṣí sí i. Ó rọrùn bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ìwé ìlànà ní ká kọ ohun tí ẹni tí a bi bá sọ, ká má fi tiwa kún un.”

Ìwé àwọn tó kù mọ́ tónítóní, àwọn ni mo ń yìn. Ẹni tó tẹ̀lé ìlànà nìkan ni mo wá mú.

A lọ láti ojúlé dé ojúlé. Akọ́wé kan di Ọláolúwa. Òpéléńgé di Kẹ́hìndé, ọkùnrin gìrìpá tó ti sanra, tó ń gun ọ̀kadà, tí inú rẹ̀ kò sì dùn pé a gbọ́. Kí oòrùn tó dé àtàrí, mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n nínú àwọn tó pòórá ti padà ní orúkọ wọn. Ó ku ilé Jibril: mẹ́rin tó sọnù, márùn-ún tó yọjú.

Mẹ́rin. Márùn-ún. Mo ti gbàgbé ìyàtọ̀ ẹyọ kan yẹn nínú ìtìjú mi. Mo wo Ràṣídì, ó ti ń nu ojú.

“Oòrùn yìí mú,” ló wí. “Ẹ lè gba ìyókù gbọ́, mádàámù. Bákan náà ni wọ́n rí.”

Ọkùnrin tó ti ń sọ pé ká lọ láti àárọ̀. Ìfura mi dìde padà, ó tún lágbára sí i. Mo ní, “Rárá, sà. Ẹ jẹ́ ká lọ.”

Àwáwù, ìyàwó kejì Jibril, jókòó sí ìloro, ó ń pa ẹ̀gúsí. Òun ló máa ń dáhùn, torí ìyálé rẹ̀ ń tajà ní Sekona. Ó kí wa, ó kí Ràṣídì lọ́tọ̀, ó kúnlẹ̀. Kò pẹ́ tí Akọ́wé fi di Najeem, Eyínafẹ́ di Ibtisam, àwọn méjì tó kù náà sì rí ẹni tó ni wọ́n. Mẹ́rin pé. Mo wá fi ìka sórí orúkọ tó gbẹ̀yìn.

“Afínjú ńkọ́?”

Ó ṣẹ́ ẹ̀rín. “Àǹtí, ẹ ò mọ̀ wọ́n ni? Ṣebí ẹ jọ wọlé ni.”

Mo yíjú. Ràṣídì ń wo bàtà rẹ̀.

“Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ di ìyàwó níbí, wọ́n máa ń wá yẹ àmù mi wò,” Àwáwù ń bá ọ̀rọ̀ lọ. “Ọjọ́ yẹn ni mo ti sọ wọ́n ní Afínjú. Ọmọ ilé yìí ni wọ́n, bàbá wọn àti bàbá baálé mi, ọmọ ìyá ni. Nígbà tí ìyàwó wọn kú, mo ní kí wọ́n máa wá jẹun. Wọ́n kọ́kọ́ kọ̀. Wọ́n wá bi mí ní ìbéèrè yín yìí, pé ta ló ń jẹun nínú ìkòkò mi. Mo ka gbogbo wọn, mo ní, ‘àti ẹ̀yin náà, Afínjú, ẹ kọ ara yín.’ Wọ́n dúró títí. Wọ́n wá kọ ọ́.”

Ìdí nìyẹn tí ọjọ́ orí Afínjú fi pé. Òun nìkan ló mọ ọjọ́ tí wọ́n bí i, torí òun fúnra rẹ̀ ló ń kọ ọ́.

Ó yẹ kí n dákẹ́ níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ìsọ̀rí ṣì wà níwájú mi, mo sì jẹ́ ẹni tí mo jẹ́. “Kí ni ẹ sọ pé wọ́n jẹ́ sí ilé yìí? Torí àlejò ló wà níbí.”

Ọwọ́ Àwáwù dúró lórí ẹ̀gúsí. “Àlejò? Ta ló pè wọ́n lálejò?”

Ó ti àwo ẹ̀gúsí náà sápá kan.

“Mo ní ẹbí ni. Ọdún mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ni wọ́n bi mí, ọdún mẹ́rẹ̀ẹ̀rin ni mo ní ẹbí ni.” Ojú rẹ̀ ti ń pọ́n. “Ọkọ mi, ẹ̀yin lẹ kọ ọ́ bẹ́ẹ̀?”

“Èmi ni,” Ràṣídì wí. Ó jókòó sórí àpótí, láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni ní kó jókòó. “Gbogbo ohun tí gbogbo ènìyàn ìlú yìí sọ ni mo kọ bí wọ́n ṣe sọ ọ́. Ẹyọ yìí nìkan ni mo yí.” Ó gbójú sókè sí mi. “Mo ní ilé tèmi lọ́nà Sekona, mo sì gé ewéko iwájú rẹ̀ lánàá. Bí mo bá kọ ẹbí, ó túmọ̀ sí pé ilé yẹn ti tán, pé Naimat ti lọ lóòótọ́, mo sì padà síbi tí mo ti wá. Àlejò lè dìde nígbàkigbà kó máa lọ. Mo ń sọ fún ara mi pé lọ́dún tó ń bọ̀ màá dá ìkòkò tèmi kaná.”

“Ẹ ò sì mọ̀ ọ́n dá,” ni Àwáwù wí, ó ń sunkún.

Fọ́ọ̀mù tèmi ní àpótí mẹ́ta: ẹni kan náà pẹ̀lú orúkọ mìíràn, àṣìṣe ọwọ́, ayédèrú. Mo lè fi àmì sí àṣìṣe ọwọ́, kí Afínjú sọnù, kí iṣẹ́ Ràṣídì sì dúró. Mo fẹ́ ṣe é. Ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́, kálámù ti wà lórí rẹ̀. Ọkùnrin náà mọ ohun tí mò ń rò, ó sì mọ ìwé ìlànà jù mí lọ.

“Aṣèwádìí kò gbọdọ̀ wà lára ilé tó ń bi ní ìbéèrè,” ló wí. “Ojú ìwé kẹrin. Ẹ kọ ohun tí ẹ rí, mádàámù.”

Mo kọ ọ́. Ẹni kan náà, orúkọ mìíràn. Ràṣídì. Bí mo ti ń kọ ọ́, Àwáwù dìde, ó gbé abọ́ kan tí wọ́n fi àwo dé jáde, ó gbé e síwájú Ràṣídì. Ó jẹun lójú mi. Nígbà tó jẹ tán, ó fi aṣọ funfun nu tábúlẹ́ẹ̀tì náà, ó fi lé mi lọ́wọ́, ó sì fọ abọ́ rẹ̀ fúnra rẹ̀.

Wọn ò fi orúkọ rẹ̀ ránṣẹ́ sí ìlú kankan. Ọ̀gá wa kọ lẹ́tà pé ìwé Ẹdẹ ló mọ́ jù nínú ìlú mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ, lẹ́tà yẹn náà ló sì sọ pé kò lè ṣiṣẹ́ pẹ̀lú wa mọ́. Ó dùn mí, ó ṣì ń dùn mí. Mo ní kí wọ́n má gé ibi àkíyèsí mọ́, èmi ni mò ń kà á báyìí, gbogbo rẹ̀.

Lọ́dún yìí, Ọpẹ́yẹmí ni ẹni tuntun tó lọ sí agbo ilé náà. Nígbà tí ìwé dé, ilé Jibril ni mo kọ́kọ́ ṣí. *Afínjú, ọkùnrin, ẹni ọdún méjìlélọ́gọ́ta. Ẹbí.* Lábẹ́ àkíyèsí, ọmọbìnrin náà kọ pé: *Bàbá yìí wà nílé. Mo bi ìyá ilé, bàbá ló yára dáhùn pé ẹbí lòun. Wọ́n tún ní àmù wa ní ọ́fíìsì ńkọ́, ṣé a máa ń dé e.*

Nínú àtẹ wa, níbi tí à ń ka àwọn tó kúrò ní ìsọ̀rí kan bọ́ sí òmíràn, mo wo ìlà àlejò, mo tẹ̀lé e dé abẹ́ ẹbí. Ẹyọ kan ló wà níbẹ̀ nínú gbogbo ìlú mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ. Ọ̀gá wa wò ó, wọ́n ní ẹnì kan kò tó nǹkan tí a lè fi ṣe ìṣirò, kí n pa á pọ̀ mọ́ àwọn mìíràn bí a ti máa ń ṣe.

Mo ní rárá, sà. Ẹ jẹ́ kó dá wà.